Kí Ìró Yàwòrán Ara Rẹ̀: Ìdáhùn sí Ìbéèrè Òǹkàwé

Àwọn lẹ́tà tó wọlé fún ojú ìwé yìí jọra débi pé a kó wọn pọ̀ sójú kan. Onífíìmù wà nínú àwọn tó kọ̀wé, oníjó wà níbẹ̀, akọrin náà wà níbẹ̀. Ohun kan ṣoṣo ni gbogbo wọn ń lé: bí ohun tí sáyẹ́ǹsì mọ̀ nípa ìró, omi, afẹ́fẹ́ àti ìmọ́lẹ̀ ṣe lè di ìran tí òǹwòran ń fi ojú ara rẹ̀ rí. A gé àwọn lẹ́tà náà kúrú.

Ibi tí a dúró sí kò yí padà láti ìdáhùn kan dé òmíràn: kí ohun náà ṣẹlẹ̀ ní tòótọ́ níwájú kámẹ́rà. Ó rọrùn kí kọ̀ǹpútà ya ohun tó jọ ọ́, ṣùgbọ́n òǹwòran tó bá wá mọ̀ pé irọ́ ni kò ní gbà yín gbọ́ mọ́ nígbà tí ẹ bá gbé òtítọ́ wá.

Iyọ̀ ń fò, kò yàwòrán

*Mo gbé àwo irin lé ẹnu sípíkà, mo da iyọ̀ sí i, mo sì fi fóònù gbé ìró sí i. Iyọ̀ náà kàn ń fò kiri, nígbà tó yá gbogbo rẹ̀ dà sílẹ̀. Kí ni mo ṣe tí kò tọ́? — Onífíìmù tó ń bẹ̀rẹ̀*

Bí ẹ ṣe gbé àwo náà kalẹ̀ ni ẹ̀ṣẹ̀ àkọ́kọ́. Ernst Chladni, ará Jámánì, tẹ ìwé kan jáde ní 1787 lórí ohun tí ẹ ń wá yìí. Ó da iyanrìn sórí àwo pẹlẹbẹ, ó fi ọrun violin fa etí àwo náà, iyanrìn sì tò ara rẹ̀ sí ìlà. Ìdí rẹ̀ ni pé gbogbo àwo ló ní àwọn ìró kan tó jẹ́ tirẹ̀. Bí ẹ bá bá ọ̀kan nínú wọn pàdé, apá kan àwo náà á máa gbọ̀n gidigidi, àwọn ìlà kan á sì dúró jẹ́ẹ́. Iyanrìn kò mọ ohun tí ìró ń wí. Ó ń sá kúrò níbi tó ń gbọ̀n ni, títí tó fi bọ́ sórí ìlà tó dúró jẹ́ẹ́, kò sì tún rí ohun tó lè lé e kúrò níbẹ̀. Nítorí náà etí àwo gbọ́dọ̀ wà lófìfo kó tó lè gbọ̀n bó ṣe wù ú. Nígbà tí ẹ gbé e lé ẹnu sípíkà, ẹ ti di etí rẹ̀ mú.

Ẹ gé àwo aluminiomu tí ó nípọn mìlímítà 1, tí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 18. Ìwọ̀n rẹ̀ kò ní tó gíráàmù 90, sípíkà ínṣì mẹ́jọ sì lè gbé e láìtẹ̀. Ẹ fa ìlà láti igun dé igun. Ibi tí ìlà méjèèjì ti pàdé ni kí ẹ ti lu ihò mìlímítà 4. Ẹ wá ìdérí ìgò oníke kan, ẹ ki bóòtì gba àárín rẹ̀ kí orí bóòtì wà nínú, kí ẹ wá fi gọ́ọ̀mù epoxy lẹ ìdérí náà mọ́ àárín gbùngbùn páálí sípíkà. Ẹ jẹ́ kó gbẹ fún wákàtí 24. Bí ẹ bá kánjú, ọwọ́ yín á kọ́kọ́ tẹ páálí náà wọlé, ìró tó ń ha á sì jáde látìgbà náà lọ. Lẹ́yìn èyí, nọ́ọ̀tì kan lábẹ́ àwo, òmíràn lórí rẹ̀, ẹ dè é le. Bí ẹ bá gbọ́ ìró bíi ti kòkòrò tó ń kùn, nọ́ọ̀tì ti tú nìyẹn.

Amplifier, ẹ̀rọ tó ń fún ìró lágbára, tí ó jẹ́ wáàtì 20 sí 30 tó. Ẹ lo áàpù tó ń gbé ìró kan ṣoṣo jáde, irú èyí tí wọ́n ń pè ní sine. Orin kò dára fún ìbẹ̀rẹ̀ nítorí ìró púpọ̀ ló wà nínú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti 100 Hz, ìyẹn ni pé kó gbọ̀n nígbà 100 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, kí fọ́lúùmù wà nísàlẹ̀. Ẹ máa gbé e lọ sókè díẹ̀díẹ̀ títí dé bíi 2000 Hz. Etí ni yóò kọ́kọ́ sọ fún yín kí ojú tó rí i: àwo náà á ṣàdédé ké ju ti tẹ́lẹ̀ lọ láìjẹ́ pé ẹ fọwọ́ kan fọ́lúùmù. Ẹ dúró níbẹ̀, ẹ máa sún un ní Hz kọ̀ọ̀kan, ẹ fún iyanrìn ní ìṣẹ́jú-àáyá márùn-ún sí mẹ́wàá. Ìró kan ṣoṣo tó ga báyìí a máa dun etí, pàápàá láti 1000 Hz lọ sókè, nítorí náà ẹ fi ohun ìdíletí sí etí.

Iyọ̀ ni ẹ̀ṣẹ̀ kejì. Ó ń fa omi inú afẹ́fẹ́ mọ́ra, ó ń dì, ó sì ń jẹ aluminiomu. Iyanrìn gbígbẹ tí ẹ ti jọ̀ ni kí ẹ lò, kí wóró rẹ̀ wà láàrin mìlímítà 0.2 sí 0.5. Ṣíbí kékeré kan tó fún àwo yìí. Bó bá pọ̀ jù, ìlà á sanra, àwòrán á sì kú. Ẹ má lo ohun tó kúnná bí ìyẹ̀fun, àfi tí ẹ bá mọ̀ ọ́n mọ̀. Ní 1831, Michael Faraday ṣàlàyé pé afẹ́fẹ́ tó ń yí lókè àwo ń gbá ìyẹ̀fun lọ sí ibi tó ń gbọ̀n jù, èyí tó lòdì sí ibi tí iyanrìn ń lọ. Ẹni tó mọ èyí lè fi ṣe ohun tó rẹwà gan-an: iyanrìn funfun àti ìyẹ̀fun aláwọ̀ lórí àwo kan náà, tí àwòrán méjì á jáde lẹ́ẹ̀kan, tí ọ̀kan kún àlàfo èkejì.

Fún kámẹ́rà, ẹ kun àwo ní ọ̀dà dúdú tí kì í dán, ìpele kan péré, kí iná sì wá láti ẹ̀gbẹ́ nísàlẹ̀, bí oòrùn ìrọ̀lẹ́. Iná tó wá láti òkè ń pa òjìji wóró iyanrìn rẹ́. Bí gbogbo iyanrìn bá ń rọ́ lọ sí apá kan, ẹ gbé lẹ́fẹ́ẹ̀lì tí àwọn bíríkìlà ń lò lé àwo náà. Bí àwòrán bá wọ́, ihò kò sí láàrin tàbí àwo ti tẹ̀.

Ohun kan kù tí ọ̀pọ̀ kì í mọ̀. Àárín ni bóòtì ti ń ti àwo, nítorí náà àwòrán tí àárín rẹ̀ gbọ́dọ̀ dúró jẹ́ẹ́ kò lè jáde láé lórí irú ẹ̀rọ yìí. Bí ẹ bá fẹ́ àwọn yẹn, ẹ lu ihò mìíràn kúrò láàrin, tàbí kí ẹ padà sí ọrun violin, kí ẹ fi ìka di etí àwo mú níbi tí ẹ fẹ́ kí ìlà gbà. Bí ẹ bá sì fẹ́ àwo ńlá fún ìtàgé, ẹ rántí pé bí ẹ̀gbẹ́ bá di ìlọ́po méjì, ìró tó ń mú àwòrán kọ̀ọ̀kan jáde á wálẹ̀ sí ìdákan nínú mẹ́rin, àwo á sì wúwo ní ìlọ́po mẹ́rin. Bí ó bá jẹ́ ìnípọn ni ẹ sọ di ìlọ́po méjì, ìró náà á gòkè ní ìlọ́po méjì.

Ohùn akọrin lórí omi

*Akọrin ni mí. Mo fẹ́ kí ohùn mi máa ya àwòrán lórí omi bí mo ṣe ń kọrin, kí àwọn èèyàn sì máa wò ó lójú aṣọ funfun lẹ́yìn mi. Gbogbo ohun tí mo rí kò ju òbíríkítí tó ń ti etí abọ́ bọ̀ lọ. — Akọrin obìnrin*

Òbíríkítí yẹn kò burú, ó kàn jẹ́ ìbẹ̀rẹ̀ ni. Etí omi níbi tó ti fara mọ́ abọ́ ló ń ta ìgbì yẹn sínú. Bí agbára bá pọ̀ dé àyè kan, ojú omi á ṣàdédé já sí àwòrán igun mẹ́rin tàbí bí ewé òdòdó. Faraday kan náà ló kọ nípa èyí ní 1831, ó sì ṣàkíyèsí ohun tó ṣe pàtàkì fún yín: ìdajì iye ìgbà tí abọ́ ń gbọ̀n ni àwọn ìgbì yìí ń gbọ̀n.

Ohùn yín ga ju ohun tí omi lè fi ya àwòrán ńlá. Ẹ wo ìṣirò yìí. Bí sípíkà bá ń gbọ̀n ní 30 Hz, àlàfo láàrin orí ìgbì kan sí èkejì á tó nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà kan ààbọ̀. Ní 60 Hz, ó di bíi mìlímítà 8.5. Ní 120 Hz, ó ti di mìlímítà 5. Obìnrin tó ń kọrin ní 240 Hz ti kọjá gbogbo ìyẹn, ohun tó sì ń yà kúnná débi pé kámẹ́rà kò lè mú un dáadáa. Nítorí náà ẹ jẹ́ kí máíkì gba inú ẹ̀rọ tó ń fa ohùn wálẹ̀ ní ọ́kítéfù, tí ọ́kítéfù kọ̀ọ̀kan ń sọ iye Hz di ìdajì: ọ́kítéfù méjì sọ 240 Hz di 60, mẹ́ta sọ ọ́ di 30. Lẹ́yìn rẹ̀, ẹ fi filter gé gbogbo ohun tó bá ju 100 Hz lọ kúrò, kó tó dé amplifier. Àwọn òǹwòran ṣì máa gbọ́ ohùn yín gan-an láti inú sípíkà ìtàgé. Èyí tí ẹ fà wálẹ̀ wà fún omi nìkan. Ẹ sọ bẹ́ẹ̀ fún wọn nínú ìwé ètò. Ìlà kan péré ni, kò sì dín ẹwà rẹ̀ kù.

Abọ́ dúdú, ìsàlẹ̀ pẹlẹbẹ, fífẹ̀ rẹ̀ sẹ̀ǹtímítà 15, omi mìlímítà 4 nínú rẹ̀. Sípíkà kékeré kò lè gbé 30 Hz. Ínṣì mẹ́jọ ni ó kéré jù, kí ẹ sì yẹ amplifier wò, torí àwọn kan ń gé ìró ìsàlẹ̀ dànù kó tó jáde. Ẹ kọ "ùù" gígùn fún ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́rin tàbí márùn-ún láìjẹ́ kí ohùn mì. "Àà" ní àwọn ìró kéékèèké púpọ̀ tó ń tẹ̀lé e, wọ́n sì ń da omi rú. Ohùn tó ń mì kì í jẹ́ kí àwòrán jókòó. Bí omi bá ń ta sókè, agbára ti pọ̀ jù. Bí àwòrán tó ń jáde lánàá kò bá jáde lónìí, ẹ da omi náà nù. Òróró díẹ̀ láti ọwọ́ tàbí eruku tó bá bo ojú omi tó láti pa ìgbì kéékèèké.

Iná òbíríkítí ni kí ẹ fi kọ́ sókè abọ́, bíi sẹ̀ǹtímítà 40 sí 50, kí kámẹ́rà máa wò láti inú ihò rẹ̀. Ẹ fi ègé bébà kékeré kan lé ojú omi kí ẹ fi ṣe fókọ́ọ̀sì, ẹ ti fókọ́ọ̀sì náà pa, kí ẹ tó mú bébà kúrò. Bí ẹ bá fi í sílẹ̀ kó máa wá fókọ́ọ̀sì fúnra rẹ̀, yóò máa wá a títí orin á fi parí.

Omi àti iná mànàmáná kì í ṣe ọ̀rẹ́. Ẹ fi ọ̀rá fífẹ́lẹ́ bo páálí sípíkà, ẹ gbé amplifier sórí tábìlì tirẹ̀ jìnnà sí abọ́, kí gbogbo rẹ̀ sì gba ẹ̀rọ tó ń já iná fúnra rẹ̀ bí iná bá ń jò kọjá.

Ṣé òtítọ́ ni ti 432?

*Wọ́n ní 432 Hz àti 528 Hz ń ya àwòrán tó rẹwà ju gbogbo ìró tó kù lọ nítorí pé wọ́n bá ẹ̀dá mu. Ṣé kí n gbé iṣẹ́ mi lé e lórí? — Oníṣẹ́ ọnà*

Rárá. Àwo ló ń yan àwòrán, nọ́ḿbà náà kò ní agbára kan lórí rẹ̀. Ẹ lè dán an wò fúnra yín. Ẹ wá àwòrán kan tó mọ́ kedere lórí àwo sẹ̀ǹtímítà 18, ká ní ó bọ́ sí 432 Hz. Ẹ gé àwo mìíràn láti ara irin kan náà sí sẹ̀ǹtímítà 17. Àwòrán kan náà á jáde, ṣùgbọ́n ní nǹkan bíi 484 Hz. Ṣé 484 ti wá di ìró ẹ̀dá nìyẹn? Yàtọ̀ sí èyí, ìṣẹ́jú-àáyá tí a fi ń ka Hz jẹ́ ìwọ̀n tí ènìyàn fọwọ́ ara rẹ̀ yàn. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ lórí àwo jẹ́ ìyanu tó tó fi hàn fáyé láìsí àfikún, ó sì dùn wá nígbà tí oníṣẹ́ ọnà tó mọṣẹ́ bá fi irọ́ bò ó mọ́lẹ̀.

Omi tó dúró sójú kan

*Mo rí fídíò tí omi láti inú róbà dúró bí ìlẹ̀kẹ̀ láìbọ́ sílẹ̀. Nígbà tí mo gbìyànjú rẹ̀, ìlà dúdú ń sáré lójú àwòrán mi. Mo sì fẹ́ ṣe é lójúkojú lórí ìtàgé. — Olùdarí eré*

Kámẹ́rà ló ń ṣe é, omi kò dúró. Ẹ lẹ róbà rírọ̀ tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 6 sí 8 mọ́ páálí sípíkà, kí ẹnu rẹ̀ yọ sẹ̀ǹtímítà kan sí méjì kọjá etí sípíkà. Bí kámẹ́rà bá ń ya àwòrán 24 ní ìṣẹ́jú-àáyá, ẹ gbé 24 Hz sí sípíkà. Nígbà tí kámẹ́rà bá tún la ojú, ìgbì omi kan á ti sọ̀ kalẹ̀ gúnlẹ̀ sí àyè èyí tó wà níwájú rẹ̀, ojú á sì rò pé kò kúrò níbẹ̀. Ní 25 Hz, ẹ óò rí i tó ń sọ̀ kalẹ̀ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Ní 23 Hz, ó ń gòkè padà sínú róbà, èyí tó sì máa ń ya òǹwòran lẹ́nu jù lọ. Ọ̀pọ̀ fóònù tó ní 30 ni òun ń yà, 29.97 ló ń yà ní ti gidi. Bí ẹ bá lo 30 Hz gan-an, omi náà á máa rìn díẹ̀, yóò sún ní ìgbì kan láàrin bíi ìṣẹ́jú-àáyá 33. Áàpù tó gba irú nọ́ḿbà bíi 29.97 á bá yín tún un ṣe.

Kámẹ́rà gbọ́dọ̀ la ojú kó sì padé kíákíá: 1/500 ìṣẹ́jú-àáyá tàbí kó yá ju bẹ́ẹ̀ lọ, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ omi á kàn dà bí òwú. Ṣùgbọ́n láti 1/50 lọ sí 1/500, ìmọ́lẹ̀ tó ń wọlé ti dín sí ìdákan nínú mẹ́wàá. Ibẹ̀ ni ìlà dúdú yín ti wá. Ẹ ti tan iná ilé láti fi kún ìmọ́lẹ̀, iná ilé sì ń ṣẹ́jú: níbi tí iná mànàmáná bá jẹ́ 50 Hz, gílóòbù ń tàn ó ń ṣú nígbà 100 ní ìṣẹ́jú-àáyá, níbi tó bá jẹ́ 60 Hz, nígbà 120. Ẹ lo iná LED tó ń lo bátìrì, kó sì tàn tán pátápátá, torí ọ̀pọ̀ iná LED tí a bá dín ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ kù, ṣíṣẹ́jú kíákíá ni ó fi ń dín in.

Ní ti ìtàgé, ojú lásán kò lè rí i láìsí iná tó ń ṣẹ́jú. Harold Edgerton ti yunifásítì MIT ní Amẹ́ríkà ló sọ irú iná bẹ́ẹ̀ di irinṣẹ́ ayàwòrán. Àwòrán rẹ̀ ti 1957, níbi tí ẹ̀kán wàrà kan ti ta sókè bí adé, ṣì wà lójú ayé. Ṣùgbọ́n iná tó ń ṣẹ́jú nígbà 24 ní ìṣẹ́jú-àáyá wà ní àárín ibi tó léwu jù fún àwọn tó ní irú wárápá tí iná ń fà. Ìgbà mẹ́ta ní ìṣẹ́jú-àáyá kan ni kí ẹ má kọjá níwájú èrò. Ìmọ̀ràn wa ni pé kí kámẹ́rà máa wo omi náà lẹ́bàá ìtàgé, kí projector sì gbé e sójú aṣọ. Òǹwòran á rí róbà, wọ́n á rí omi tó ń dà wàìwàì, wọ́n á sì rí omi kan náà tó dúró lójú aṣọ. Lójú wa, èyí dára ju iná tó ń ṣẹ́jú lọ, nítorí ohun méjèèjì wà níwájú wọn kí wọ́n fi wéra.

Ooru ara oníjó

*Ṣé ó ṣeé ṣe kí a rí ooru tó ń jáde lára mi nígbà tí mo bá ń jó? — Oníjó*

Ó ṣeé ṣe fún ọwọ́, ẹnu àti èémí. August Toepler, ará Jámánì, ló gbé ọ̀nà náà kalẹ̀ ní 1864, orúkọ rẹ̀ sì ni schlieren. Afẹ́fẹ́ gbígbóná kì í tẹ ìmọ́lẹ̀ tó bí afẹ́fẹ́ tútù ṣe ń tẹ̀ ẹ́. Abẹ fífẹ́lẹ́ kan ló ń sọ ìyàtọ̀ yẹn di dúdú àti funfun.

Ẹ nílò dígí oníkòtò irú ti awò-ìràwọ̀, fún àpẹẹrẹ èyí tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 150, tí ojú ìpàdé ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ sì wà ní mìlímítà 750. Dígí ìfárùngbọ̀n kò lè ṣe é, ojú rẹ̀ kò tẹ́ tó. Ẹ gbé iná LED sẹ́yìn páálí tí ẹ dá ihò mìlímítà kan sí, kó jìnnà sí dígí ní ìlọ́po méjì 750, ìyẹn mítà kan ààbọ̀. Ẹ yí dígí díẹ̀ kí ìmọ́lẹ̀ padà wá pàdé ní ẹ̀gbẹ́ ihò náà gan-an, kí àlàfo àárín wọn má ju sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta lọ. Bí wọ́n bá jìnnà síra, ohun gbogbo á hàn ní méjì méjì, nítorí ọ̀nà tí ìmọ́lẹ̀ bá lọ kọ́ ló gbà padà. Abẹ wà níbi ìpàdé yẹn, lẹ́ǹsì kámẹ́rà wà lẹ́yìn abẹ, ọwọ́ oníjó sì wà níwájú dígí gan-an. Ẹ ṣe fókọ́ọ̀sì sórí ọwọ́.

Títò abẹ ni yóò gba àkókò yín. Ẹ máa tì í wọlé díẹ̀díẹ̀, ẹ sì máa wo dígí. Bí òjìji bá wọlé láti apá tí abẹ ti wọlé, abẹ ti súnmọ́ dígí jù, ẹ fà á sẹ́yìn. Bí òjìji bá wá láti apá kejì, ó ti jìnnà jù. Bí gbogbo ojú dígí bá ṣú lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ ti débẹ̀. Ẹ dúró nígbà tí ìdajì ìmọ́lẹ̀ bá kù. Bí ẹ bá fẹ́ àwọ̀, ẹ yọ abẹ, ẹ fi ègé ọ̀rá aláwọ̀ mẹ́ta tí ẹ tò lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn rọ́pò rẹ̀. Afẹ́fẹ́ tó tẹ ìmọ́lẹ̀ sí apá kan á pọ́n, èyí tó tẹ̀ ẹ́ sí apá kejì á di aró.

Ẹ pa fáànù. Ẹ má gbé dígí lé pákó ìtàgé tí ẹ óò máa fò lé, nítorí gbogbo ẹsẹ̀ á hàn nínú àwòrán. Ohun tí dígí bá bò nìkan ni ẹ lè rí, nítorí náà gbogbo ara kò ṣeé ṣe pẹ̀lú dígí kékeré. Ọ̀nà kan wà tí wọ́n fi ń ya ògiri tó kún fún tótòtó lẹ́yìn oníjó, tí kọ̀ǹpútà á wá wo bí tótòtó kọ̀ọ̀kan ṣe sún. Ó gba gbogbo ara, ṣùgbọ́n kò rí ooru tó fẹ́lẹ́ bíi ti dígí.

Àwòrán ń pẹ́ lẹ́yìn ìró

*Nígbà tí mo bá lu nǹkan, àwòrán lójú aṣọ ń dé lẹ́yìn ìró. — Onílù*

Ẹ kọ́kọ́ wọn ìdádúró náà. Ẹ gbé fóònù tí aago ìdíje ń sáré lórí rẹ̀ síwájú kámẹ́rà, ẹ wá fi fóònù mìíràn ya fọ́tò kan tí aago náà àti àwòrán rẹ̀ lójú aṣọ jọ wà nínú rẹ̀. Ẹ yọ nọ́ḿbà kékeré kúrò nínú ńlá. Ẹ ṣe é lẹ́ẹ̀márùn-ún, ẹ mú ìdọ́gba. Àwòrán kan nínú kámẹ́rà tó ń ya 30 ní ìṣẹ́jú-àáyá ń gba mìlísẹ́kọ́ǹdì 33, kámẹ́rà, kọ̀ǹpútà àti projector sì lè di àwòrán kan tàbí méjì mú lọ́kọ̀ọ̀kan, nítorí náà kó má yà yín lẹ́nu bí ó bá tó 100 sí 150.

Ẹ yọ ohun tó ṣeé yọ: ẹ lo wáyà dípò aláìlówáyà, ẹ tan ètò tí projector ní fún géèmù, ẹ pa àtúnṣe igun àwòrán, kí ẹ fi ọwọ́ gbé projector síbi tó tọ́. Ìyókù, ẹ fi í dá ìró sípíkà èrò dúró. Sípíkà tí ẹ̀yin fúnra yín ń gbọ́ lórí ìtàgé ni kí ẹ má fọwọ́ kàn, nítorí onílù tó bá ń gbọ́ ara rẹ̀ lẹ́yìn ìgbà tó lù kò ní lè di ìlù mú. Ẹ rántí pẹ̀lú pé ìró ń rin nǹkan bíi mítà 343 ní ìṣẹ́jú-àáyá. Ẹni tó jókòó ní mítà 20 ti ń gbọ́ yín lẹ́yìn mìlísẹ́kọ́ǹdì 58 tẹ́lẹ̀.

Wọ́n ní kí n yan ọ̀kan

*Àwọn olùkọ́ mi ní kí n yan sáyẹ́ǹsì tàbí fíìmù. — Akẹ́kọ̀ọ́*

Fíìmù fúnra rẹ̀ ti inú ìwádìí wá. Eadweard Muybridge, ayàwòrán, to kámẹ́rà 12 sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà ẹṣin ní 1878 láti mọ bí ẹsẹ̀ ẹṣin ṣe ń kúrò nílẹ̀. Étienne-Jules Marey, onímọ̀ nípa ara ẹ̀dá ní Faransé, ṣe kámẹ́rà oníbọn ní 1882 tó ń ya àwòrán 12 ní ìṣẹ́jú-àáyá, ó sì fi í lé ẹyẹ tó ń fò. Loie Fuller, oníjó ọmọ Amẹ́ríkà, gba ìwé ẹ̀tọ́ ìdásílẹ̀ ní 1894 lórí aṣọ ijó tí ó ní ọ̀pá nínú, tó ń fi iná aláwọ̀ tàn sí. Òun náà ló ń bá Marie àti Pierre Curie ṣọ̀rẹ́. Jean Painlevé, onífíìmù ará Faransé, fi kámẹ́rà rẹ̀ wọ abẹ́ omi ní àwọn ọdún 1930, fíìmù rẹ̀ lórí ẹṣin òkun sì fi hàn pé akọ ló ń bímọ. Ẹ fi àwọn orúkọ yìí han àwọn olùkọ́ yín.

Ṣé kí n kun àwòrán onímọ̀ sáyẹ́ǹsì?

*Onímọ̀ kan fún mi ní àwòrán láti inú ẹ̀rọ awohun-tíntín àti fídíò sẹ́ẹ̀lì tó ń pín. Àwọn kan nínú wọn kò ní àwọ̀. Ṣé mo lè kùn wọ́n? — Onífíìmù*

Ẹ lè kùn wọ́n, kí ẹ sì sọ pé ẹ̀yin lẹ kùn wọ́n. Àwòrán tí ẹ̀rọ onílẹ́kítírọ́ọ̀nù bá yà kò ní àwọ̀ rí, nítorí kì í ṣe ìmọ́lẹ̀ ni ó fi yà á. Àwọ̀ tí ẹ fi sí i jẹ́ ti ọnà, òǹwòran sì yẹ kó mọ̀ ọ́n. Ìlà ìwọ̀n tó wà ní igun àwòrán, ẹ má gé e dànù. Bí ẹ bá fẹ́ kí àwòrán kún ojú aṣọ, ẹ tún ìlà náà yà bí ẹ ṣe sọ ọ́ di ńlá. Bí ẹ bá fẹ̀ ẹ́ ní ìlọ́po méjì, ìlà náà á gùn ní ìlọ́po méjì, nọ́ḿbà rẹ̀ kò ní yí padà.

Fídíò sẹ́ẹ̀lì náà ní ìwọ̀n tirẹ̀, ìyẹn ti àkókò. Ẹ bi onímọ̀ náà léèrè iye àkókò tó wà láàrin àwòrán kan sí èkejì. Bí ó bá jẹ́ ìṣẹ́jú-àáyá 30, tí ẹ sì ń gbé e jáde ní àwòrán 25 ní ìṣẹ́jú-àáyá, ìṣẹ́jú-àáyá kan nínú fíìmù yín jẹ́ ìṣẹ́jú 12 ààbọ̀ nínú ayé sẹ́ẹ̀lì náà. Ọjọ́ kan gbáko á di àwòrán 2,880, kò sì ní tó ìṣẹ́jú méjì lójú aṣọ. Ẹ kọ ọ́ sí ìsàlẹ̀ ìran náà.

Kí ẹ tó fi ohunkóhun hàn, ẹ jọ kọ ìwé àdéhùn, ojú ìwé kan tó: orúkọ fáìlì kọ̀ọ̀kan, ohun tí ẹ fẹ́ yí padà nínú rẹ̀, bí orúkọ onímọ̀ náà àti ilé ìwádìí rẹ̀ ṣe máa hàn ní ìparí fíìmù, àti ọjọ́ tí ẹ lè bẹ̀rẹ̀ sí í fi í hàn. Èyí tó gbẹ̀yìn yìí ló máa ń dá ìjà sílẹ̀ jù. Àwọn ìwé ìròyìn sáyẹ́ǹsì kan kì í fẹ́ kí àbájáde jáde síta kí àwọn tó tẹ̀ ẹ́, iṣẹ́ ọdún púpọ̀ onímọ̀ náà sì lè wà lórí fáìlì kan ṣoṣo tí ẹ fi ṣe ìpolówó. Bí ó bá ní kí ẹ dúró, ẹ fi àwòrán mìíràn tí ó ti tẹ̀ jáde ṣe ìpolówó náà, kí ẹ sì tọ́jú ìyẹn di ọjọ́ tó fọwọ́ sí.